Wọ́n ní kí n wá ṣe orin sí dọkumẹ́ńtárì kan: kí ni kí n béèrè kí n tó gbà?

Atẹdùùrù Mọ́kọ́lá

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin àgbà. Dùùrù ni mò ń tẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì máa ń ṣe orin fún àwọn akọrin ẹ̀mí ní Mọ́kọ́lá níbí. Ọmọ Yorùbá kan tó ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù ló ń ṣe dọkumẹ́ńtárì nípa àwọn tó ń hun aṣọ òkè ní Ìṣẹ́yìn. Ìṣẹ́jú 52 ni fíìmù náà máa jẹ́. Ó gbọ́ orin kan tí mo gbé sórí YouTube, ó ní ohùn tí òun ń wá nìyẹn. ₦300,000 ló fẹ́ san. Ó ní gbogbo ẹ̀tọ́ orin náà á jẹ́ ti ilé iṣẹ́ òun, ṣùgbọ́n orúkọ mi á hàn nínú fíìmù, wọ́n á sì gbé e lọ sí fẹ́sítíìfù nílùú òyìnbó.

Mi ò ṣe orin sí fíìmù rí, ó sì wù mí kó di iṣẹ́ tí mo máa fi jẹun. Ṣé owó yẹn dáa? Kí ló yẹ kó wà nínú ìwé? Báwo ni wọ́n tiẹ̀ ṣe ń ṣe iṣẹ́ yìí láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin? Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ la máa jọ sọ̀rọ̀ lórí Zoom. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ là mí lóye.

Ẹ̀gbọ́n Peckham

Àbúrò, o kú oríire. Iṣẹ́ tí mò ń ṣe jẹun ní Lọ́ńdọ̀nù níbí nìyẹn, dọkumẹ́ńtárì ló sì pọ̀ jù nínú rẹ̀. Má tíì dá a lóhùn lórí owó. Kọ́kọ́ bi í pé orin ìṣẹ́jú mélòó ló fẹ́. Pé fíìmù jẹ́ ìṣẹ́jú 52 kò ní kí orin tó bẹ́ẹ̀. Nínú fíìmù tí àwọn èèyàn ti ń fi ẹnu ara wọn sọ ìtàn wọn, orin kì í sábà ju ìdajì lọ, ó sì lè má tó bẹ́ẹ̀. Ká ní ìṣẹ́jú 25 ló fẹ́. Pín ₦300,000 sí 25, ₦12,000 ló bọ́ sí orí ìṣẹ́jú kan. Inú ₦12,000 yẹn ni owó onílù, epo jẹnẹrétọ̀, dátà àti gbogbo àtúnṣe tí wọ́n máa ní kó o ṣe ti máa jáde. Bó o bá ti ṣírò rẹ̀ báyìí, wàá mọ ohun tó o máa sọ.

Tún bi í bóyá owó iṣẹ́ ọwọ́ rẹ nìkan lòun ń sọ, àbí inú ẹ̀ náà lo ti máa san àwọn olórin. Àwọn olùgbéjáde fẹ́ràn kí wọ́n kó gbogbo owó fún ẹ lẹ́ẹ̀kan, kó o wá lọ san ẹni tó bá bá ẹ ṣe é. Kò burú bí o bá ti mọ iye olórin tó o máa lò. Bí o kò bá mọ̀, kọ ọ́ sínú ìwé pé owó onílù àti ti sítúdíò yàtọ̀.

Èyí tó ká mi lára jù ni "gbogbo ẹ̀tọ́" yẹn. Ọ̀nà méjì ni owó ń gbà wọlé fún àwa tó ń ṣe orin fíìmù. Ọ̀kan ni owó iṣẹ́ tí wọ́n máa san fún ẹ. Ìkejì ni owó ẹ̀tọ́ tó ń wọlé nígbàkigbà tí tẹlifíṣọ̀n bá gbé fíìmù náà sáfẹ́fẹ́ tàbí tí wọ́n bá wò ó lórí ìkànnì. Níbí, PRS for Music ló ń bá wa gbà á, láti 1914 ni ẹgbẹ́ náà ti wà, ilé sinimá pàápàá ń san án. Ní Nàìjíríà, MCSN (Musical Copyright Society Nigeria) ni Nigerian Copyright Commission fún láṣẹ ní 2017 láti máa gba irú owó yìí. Ẹni tó bá ti wọ PRS ti fi ẹ̀tọ́ ìgbésáfẹ́fẹ́ orin rẹ̀ sí ìkáwọ́ ẹgbẹ́, kò sí lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́ débi tó máa tún fi fún olùgbéjáde. Ilé iṣẹ́ tó mọ iṣẹ́ mọ èyí, kò sì ní bá ẹ jà sí i. Yálà ilé iṣẹ́ wọn ló máa ni orin náà tàbí ìwọ, ẹ lè jọ sọ ọ́. Ìpín ẹni tó kọ orin nínú owó ẹ̀tọ́, tìẹ ni. Má fi sílẹ̀ láé. Wá ẹgbẹ́ kan, kó o forúkọ sílẹ̀ kí fíìmù náà tó jáde.

Afọnfèrè Àkúrẹ́

Ẹ̀gbọ́n, mo gbọ́ ohun tẹ́ ẹ sọ, ṣùgbọ́n Lọ́ńdọ̀nù lẹ wà. ₦300,000 kì í ṣe owó kékeré lọ́wọ́ ọmọ tó ń tẹ dùùrù ní ṣọ́ọ̀ṣì. Iṣẹ́ àkọ́kọ́ ló fẹ́ ṣe. Bó bá fi ọ̀rọ̀ ẹ̀tọ́ lé ọkùnrin náà lọ, kí ló kù tó máa fi han ẹni tó bá tún fẹ́ pè é? Ẹ má jẹ́ kó pàdánù ẹnu ọ̀nà.

Ẹ̀gbọ́n Peckham

@Afọnfèrè, òótọ́ wà nínú ohun tẹ́ ẹ sọ, mi ò sì ní kó kọ iṣẹ́ náà. Bí owó kò bá lè kúrò lójú kan, kó gbà á. Ṣùgbọ́n bí owó bá kéré, ẹ̀tọ́ ló yẹ kó pọ̀ lọ́wọ́ ẹni tó ṣiṣẹ́. Ẹni tí kò lówó tó máa fi ra orin, kó yá a lò: fíìmù náà á ní àṣẹ láti lo orin náà títí ayé, níbi gbogbo, ṣùgbọ́n ọmọ náà ló ni orin rẹ̀. Kò ná olùdarí ní kọ́bọ̀ kan. Ohun tí mi ò lè fọwọ́ sí ni owó kékeré àti gbogbo ẹ̀tọ́ pọ̀.

Agéfíìmù Súrùlérè

Èmi ni mo máa ń jókòó ti fíìmù kí orin tó dé, ẹ jẹ́ n sọ ibi tí iṣẹ́ olórin ti máa ń dà rú mọ́ wa lọ́wọ́.

Kó o tó tẹ dùùrù rárá, bi wọ́n pé àwòrán mélòó ló ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan nínú fíìmù náà. Ní Lọ́ńdọ̀nù, 25 ló wọ́pọ̀ fún tẹlifíṣọ̀n. Ní Amẹ́ríkà, 23.976 lo máa bá pàdé jù. Ẹni tó bá gbé iṣẹ́ rẹ̀ sórí 24 nígbà tí fíìmù wà lórí 23.976 kò ní rí ìyàtọ̀ níbẹ̀rẹ̀, ṣùgbọ́n kó tó dé òpin ìṣẹ́jú 52, orin àti àwòrán á ti fi bí ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta jìnnà síra. Ìlù tó yẹ kó balẹ̀ nígbà tí bàbá tó ń hun aṣọ bá fa okùn á balẹ̀ nígbà tó ti ń mumi. Bó o bá ń gba orin sílẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà, ìwọ̀n rẹ̀ gbọ́dọ̀ wà ní 48 kHz, 24 bit, kì í ṣe 44.1 tẹ́ ẹ fi ń ṣe àwo orin. Ní kí wọ́n fi fáìlì MP4 kékeré ránṣẹ́ sí ẹ tí aago fíìmù hàn lójú rẹ̀. Fíìmù tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ ní 10:00:00:00 (wákàtí, ìṣẹ́jú, àáyá, àwòrán), ti Amẹ́ríkà ní 01:00:00:00. Aago yẹn ni gbogbo wa jọ máa máa pè bí a bá ń sọ̀rọ̀, kò sí "ibi tí màmá yẹn ti ń rẹ́rìn-ín".

Ẹ jọ jókòó wo fíìmù náà látòkèdélẹ̀, ìwọ àti olùdarí, kẹ́ ẹ máa kọ ọ́ sílẹ̀: ibi tí orin ti wọlé, ibi tó ti jáde, àti ohun tó wá ṣe níbẹ̀. Bí olùdarí kò bá lè sọ ohun tí orin wá ṣe níbì kan, kí ibẹ̀ wà láìní orin.

Má to orin mọ́ àwòrán wẹ́kú títí wọ́n á fi sọ pé àwọn ti ti fíìmù pa, pé àwọn ò gé e mọ́. Ṣùgbọ́n má jókòó lásán títí dìgbà yẹn. Kọ orin mẹ́ta mẹ́rin láìwo àwòrán kankan, kó o fi ránṣẹ́ sí ẹni tó ń gé fíìmù nísinsìnyí. Ìdí nìyí: bí kò bá sí orin tìrẹ nílẹ̀, orin fíìmù ẹlòmíràn ni a máa fi dípò fún ìgbà díẹ̀, temp la máa ń pè é. Olùdarí á gbọ́ ọ fún oṣù púpọ̀, á mọ́ ọn lára, tó bá wá di ìgbà tìrẹ, á ní kó o ṣe é kó dún bí ti tẹ́lẹ̀. Orin tìrẹ ni kó mọ́ ọn lára.

Ohun kan tún wà nípa Ìṣẹ́yìn. Òfì ní ìlù tirẹ̀: ẹsẹ̀ tó ń tẹ̀ ẹ́, ọ̀kọ̀ tó ń ré kọjá nínú òwú, igi tó ń gbá a mọ́lẹ̀. Ó máa wù ẹ́ kó o fi ìlù sí ìwọ̀n ìgbà kan náà pẹ̀lú rẹ̀. Má ṣe é. Gbogbo ibi tí mo bá ti gé àwòrán ni ìró òfì ti máa ń bẹ̀rẹ̀ láti ibòmíràn, orin rẹ kò sì ní mọ̀ pé mo gé e. Láàárín ìṣẹ́jú kan wọ́n á ti máa kọsẹ̀ lára ara wọn. Jẹ́ kí òfì jẹ́ onílù, kó o fi ohùn gígùn tó rọra ń lọ sí abẹ́ rẹ̀.

Ọmọ Àyàn Ọ̀yọ́

Mo kí gbogbo ilé. Ìdí ìlù ni wọ́n bí mi sí, ọ̀rọ̀ tèmi kò kan owó.

Gbogbo wa la ti gbọ́ ọ nínú fíìmù. Wọ́n fẹ́ ká mọ̀ pé ilẹ̀ Yorùbá la wà, wọ́n wá lọ fa gángan kan jáde nínú kọ̀ǹpútà. Gángan yẹn ń ké, kò sọ nǹkan kan. Òyìnbó tó ń wò ó kò mọ̀. Ìyá àgbà tó ń wò ó ní Ìṣẹ́yìn mọ̀, òun fúnra rẹ̀ á sì wá ọ̀rọ̀ fún un, torí etí Yorùbá kì í gbọ́ dùndún kó má fi ọ̀rọ̀ sí i. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ dàgbà ní Ìbàdàn, ẹ ṣáà mọ ìlù tí rédíò NBS (Nigerian Broadcasting Service) máa ń lù láyé àtijọ́. Orúkọ ilé iṣẹ́ náà lédè Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi ìlù pè. Ohun tí ará Ìbàdàn gbọ́ ni "B'Ólúbàdàn bá kú, ta ni ó joyè?" Àwọn mìíràn ní "Kò sónígbèsè níbí, lọ sílé kejì" ló ń wí. Ẹ wo bí ìlù kan náà ṣe di ọ̀rọ̀ méjì tí ẹni tó ni ilé iṣẹ́ kò rán an.

Nítorí náà, kó o tó fi dùndún sí abẹ́ àwòrán, mọ ohun tó ń wí. Lọ bá onílù ní Ìṣẹ́yìn gan-an. Fi ibi tó kàn án hàn án lórí fóònù rẹ, sọ ẹni tí bàbá tó ń hun aṣọ yẹn jẹ́ fún un àti ìdílé tó ti wá, kó o wá fi í sílẹ̀. Ó máa ki ìdílé náà, ó máa ki ìlú, ó máa gun òkè Ẹbẹdí kó tó sinmi. Lẹ́yìn náà, jókòó tì í kó fi ẹnu sọ gbogbo ohun tó lù, kó o kọ ọ́ sílẹ̀ ní ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan fún olùdarí. Bí ìlù bá ń ki Aṣẹ́yìn nígbà tí àwòrán ń fi opó kan hàn wá níbi tó ti ń sunkún ọkọ rẹ̀, àbùkù ńlá ni fún fíìmù náà nílé.

Má sì jẹ́ kí ìyáàlù wà lábẹ́ ọ̀rọ̀ ẹnu. Ẹni méjì kì í sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà ká gbọ́ wọn yé. Bí bàbá náà bá ń sọ̀rọ̀, gúdúgúdú lè máa rọra lọ. Ibi tó bá ti sinmi ni kí ìyáàlù ti gbè é.

Onímíkísà

Ọmọ Àyàn ti sọ ohun tí mo máa ń bá wọn fà nígbà gbogbo. Ohùn gángan àti ohùn ọkùnrin tó ń sọ̀rọ̀, ibì kan náà ni wọ́n jókòó sí. Bí wọ́n bá jọ dé ọwọ́ mi, orin ni mo máa rẹ̀ sílẹ̀, gbogbo ìyà tó o jẹ lórí rẹ̀ á sì di ohun tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́. Jẹ́ kí ohùn ènìyàn inú fíìmù máa dún bó o ṣe ń ṣiṣẹ́, má pa á láti gbádùn orin rẹ.

Má fún ìró orin náà mọ́ra kó lè ké sókè bí ẹni tó fẹ́ gbé e sórí rédíò. Kó ní àyè. Fi í ránṣẹ́ ní stem: ìlù lọ́tọ̀, fèrè lọ́tọ̀, ohùn gígùn lọ́tọ̀, kí n lè dín ọ̀kan kù láìpa ìyókù lára. Gbogbo stem gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ láti ojú kan náà, kí orúkọ fáìlì sì ní aago fíìmù nínú.

Ẹ ṣírò dátà yín o. WAV ohùn méjì ní 48 kHz, 24 bit ń gba nǹkan bíi MB 17 ní ìṣẹ́jú kan. Orin ìṣẹ́jú 25 pẹ̀lú stem mẹ́jọ ti lé ní GB 3. Bí olùdarí bá tún ní kó o ṣàtúnṣe sí gbogbo rẹ̀, GB 3 mìíràn nìyẹn. Òru ni kẹ́ ẹ máa fi ránṣẹ́, inverter sì ṣe pàtàkì ju sípíkà olówó ńlá lọ.

Atẹdùùrù Mọ́kọ́lá

Ẹ ṣé gan-an, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi. Mo ti ń kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Onílù tí mo mọ̀ ní Ìṣẹ́yìn ní òun á wá. Ṣé dandan ni kí n bá a kọ ìwé? Bàbá àgbà ni, mi ò fẹ́ kó dà bíi pé mi ò fọkàn tán an. Ẹ bá mi sọ ti iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀ pẹ̀lú: ṣé ènìyàn lè fi jẹun lóòótọ́?

Amòfin Ìkẹjà

Kọ ìwé. Ìwé kì í ṣe àìfọkàntánni, ohun tó máa gbè é lẹ́sẹ̀ lọ́jọ́ tí ìwọ alára kò bá sí níbẹ̀ ni. Lábẹ́ òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ wa ti 2022, olórin ní ẹ̀tọ́ lórí bó ṣe lu ìlù rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ gbà á sílẹ̀ láìgba àṣẹ lọ́wọ́ rẹ̀. Bó bá jẹ́ pé òun ló fi ọgbọ́n orí ara rẹ̀ ki ìdílé náà nílù, ó ti bá ẹ kọ orin yẹn, kì í ṣe olùlù lásán. Ojú ewé kan tó: orúkọ rẹ̀, ohun tó lù, iye tí wọ́n san, ìpín rẹ̀ nínú owó ẹ̀tọ́ orin kọ̀ọ̀kan tó wà nínú rẹ̀, àti pé orúkọ rẹ̀ á hàn nínú fíìmù. Kà á fún un lédè Yorùbá kó tó tẹ̀ ẹ́ níka tàbí kó fọwọ́ sí i.

Ní ti ìwé ìwọ àti olùdarí: lọ́dọ̀ wa àti ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì bákan náà, ẹni tó dá orin ló kọ́kọ́ ni ín, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹlòmíràn ló gbé iṣẹ́ náà fún un, àyàfi tí ìwé tí wọ́n fọwọ́ sí bá sọ ohun mìíràn. Ti Amẹ́ríkà yàtọ̀. Lọ́hùn-ún, bí ìwé bá ti pe iṣẹ́ rẹ ní work made for hire, òfin á ka ilé iṣẹ́ náà sí ẹni tó dá a. Bó o bá rí gbólóhùn yẹn, má fọwọ́ sí i kó o tó bi agbẹjọ́rò. Wo ìsàlẹ̀ ìwé náà dáadáa, ibi tó ti sọ orílẹ̀-èdè tí òfin rẹ̀ máa darí àdéhùn.

Má gbàgbé iye ìgbà tí o máa ṣàtúnṣe. Kọ ọ́ síbẹ̀ pé ìgbà méjì wà nínú owó náà, ẹ̀kẹta ní owó tirẹ̀. Kọ ọ́ pẹ̀lú pé bí wọ́n bá tún fíìmù gé lẹ́yìn tí wọ́n ti ní àwọn tì í pa, iṣẹ́ tuntun nìyẹn. Pín owó sí mẹ́ta: nígbà ìfọwọ́sí, nígbà tí wọ́n bá gba orin àkọ́kọ́, nígbà tó o bá kó gbogbo rẹ̀ lé wọn lọ́wọ́. Àṣẹ láti lo orin kò gbọdọ̀ di tiwọn kí owó ìkẹyìn tó wọlé.

Ìyá Orin, Atlanta

Ọmọ mi, ènìyàn lè fi jẹun, ṣùgbọ́n kì í yára, kì í sì í sábà jẹ́ òun nìkan. Philip Glass, ará Amẹ́ríkà tó ń kọ orin, tí gbogbo ayé mọ̀, lẹ́yìn tí wọ́n ti ṣe eré ńlá rẹ̀ ní Metropolitan Opera ní New York ní 1976, ó padà sídìí takisí tó ń wà. Ní 1988, orin rẹ̀ ló wà nínú dọkumẹ́ńtárì Errol Morris nípa ọkùnrin kan tí wọ́n ti dájọ́ ikú fún nígbà kan ní Texas. Fíìmù yẹn wà lára ohun tó jẹ́ kí wọ́n tún ẹjọ́ náà gbé yẹ̀ wò, wọ́n sì dá ọkùnrin náà sílẹ̀ ní 1989. Ẹ gbọ́ bí orin rẹ̀ ṣe ń yí po lójú kan, bí àwọn ẹlẹ́rìí ṣe ń tún ọ̀rọ̀ kan náà sọ ní oríṣiríṣi. Kò sọ fún ẹni tó ń wò ó pé kó sunkún tàbí kó bínú. Ohun tí mo fẹ́ kó o mú dání nìyẹn. Nínú fíìmù àròsọ, òṣèré ni wọ́n sanwó fún kó sunkún. Ènìyàn gidi ni bàbá tó ń hun aṣọ ní Ìṣẹ́yìn. Bó bá ń sọ pé àwọn ọmọ òun kò fẹ́ kọ́ iṣẹ́ náà, tó o wá fi fayolíìnì tó ń sọkún sí abẹ́ rẹ̀, o ti sọ fún gbogbo ayé pé kí wọ́n káàánú rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ó lè jẹ́ pé ìbínú ló wà nínú rẹ̀, ó sì lè jẹ́ ìgbéraga. Jẹ́ kó sọ tirẹ̀ tán.

Ẹ jẹ́ n sọ bí iṣẹ́ ṣe ń wá. Kì í ṣe fífi imeeli ránṣẹ́ sí ilé iṣẹ́ ńlá. Àwọn tó ń gé fíìmù ló mọ̀ pé fíìmù kan kò tíì ní olórin, kí ẹnikẹ́ni tó mọ̀. Bá wọn ṣọ̀rẹ́. Bá àwọn olùdarí tẹ́ ẹ jọ jẹ́ ẹgbẹ́ ṣiṣẹ́, nítorí bí wọ́n bá ṣe ń lọ sókè ni wọ́n á máa fà ẹ́ lọ́wọ́. Èkó ní fẹ́sítíìfù kan tó ń jẹ́ iREP, dọkumẹ́ńtárì nìkan ni tiwọn. Lọ síbẹ̀, wo fíìmù wọn, béèrè ìbéèrè, kó o tó sọ pé olórin lo jẹ́. Ní òkè òkun, fẹ́sítíìfù Sheffield àti IDFA ní Amsterdam ni àwọn tó ń ṣe irú fíìmù yìí ti ń pàdé. Nígbà tí iṣẹ́ fíìmù kò bá sí, àwọn kan lára wa ń kọ orin fún ilé ìkóorinpamọ́ tí tẹlifíṣọ̀n ń yá lò, àwọn kan ń kọ́ ọmọ ní dùùrù, àwọn kan ń bá olórin fíìmù tó ti gòkè to orin rẹ̀. Má fi ṣọ́ọ̀ṣì sílẹ̀ o.

Ní ti iṣẹ́ ọ̀fẹ́, bí akẹ́kọ̀ọ́ fíìmù tí kò ní kọ́bọ̀ bá bẹ̀ ẹ́, tí fíìmù rẹ̀ sì dáa, ṣe é bí ó bá wù ẹ́, ṣùgbọ́n kí gbogbo ẹ̀tọ́ jẹ́ tìrẹ. Ẹni tó ní owó fún kámẹ́rà, fún ọkọ̀ òfurufú, fún hòtẹ́ẹ̀lì, tó wá ní òun ò ní owó fún orin, ó ti yàn ohun tó ṣe pàtàkì sí i.

Ẹ má sì jẹ́ kí wọ́n fi sinimá Amẹ́ríkà fa ojú yín mọ́ra. Ilé sinimá níbí kì í san owó ẹ̀tọ́ fún ẹni tó kọ orin inú fíìmù. Tẹlifíṣọ̀n àti ìkànnì ni ASCAP àti BMI, àwọn tó ń gba owó ẹ̀tọ́ níbí, ti ń gba owó yẹn.

Má ra ohun èlò rẹpẹtẹ. Reaper tí a fi ń gba orin sílẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà, dọ́là 60 ni fún ẹni tí owó tó ń rí nídìí rẹ̀ kò tíì pọ̀, LABS ti Spitfire sì ní ohùn ohun èlò orin tó jẹ́ ọ̀fẹ́. Máíkì kan tó dáa fún onílù rẹ, ó tó.

Atẹdùùrù Mọ́kọ́lá

A ti sọ̀rọ̀ lórí Zoom o. Ẹ kú àdúrótì. Nígbà tí mo béèrè iye ìṣẹ́jú orin, ó dákẹ́, ó ní òun kò tíì rò ó. A jọ wo fíìmù náà, ó sì di ìṣẹ́jú 18. Ó gbé owó lọ sí ₦450,000, pín sí mẹ́ta bí Amòfin ṣe wí, ilé iṣẹ́ rẹ̀ á san bàbá onílù lọ́tọ̀. Èmi ni mo ni orin, wọ́n ní àṣẹ láti lò ó nínú fíìmù náà títí ayé. Ìpín tèmi nínú owó ẹ̀tọ́ kò kúrò lọ́wọ́ mi. Kò bínú rárá.

Ọ̀rọ̀ méjì ló kù. Ìkíní, rédíò kan ń kọ fújì lẹ́yìn nínú ibi ìhunṣọ náà, ó sì wà lábẹ́ ọ̀rọ̀ bàbá náà fún bí ìṣẹ́jú méjì. Olùdarí ní kí n ṣe fújì tó máa dún bí i gẹ́lẹ́, kí òun fi bo tẹ́lẹ̀. Ìkejì, ó béèrè cue sheet lọ́wọ́ mi.

Amòfin Ìkẹjà

Má ṣe "gẹ́lẹ́". Bí orin rẹ bá bá ti olórin náà mu lójú pálí, ìwọ ni wọ́n máa pè lẹ́jọ́. Bí wọ́n bá fẹ́ fújì yẹn gan-an, kí olùgbéjáde lọ gba àṣẹ méjì: ti ẹni tó ni orin, àti ti ẹni tó ni àwo. Iṣẹ́ wọn nìyẹn, kì í ṣe tìrẹ.

Onímíkísà

Bó bá wà lábẹ́ ọ̀rọ̀ bàbá náà, kò sí orin tuntun tó máa bò ó, méjèèjì la máa gbọ́. Ní kí wọ́n padà lọ gba ohùn bàbá náà sílẹ̀ nígbà tí rédíò wà ní pípa, kó tún ọ̀rọ̀ náà sọ. Ìṣẹ́yìn kò jìnnà sí ẹ, o lè bá wọn ṣe é kí wọ́n sì san owó ọkọ̀ rẹ.

Ọmọ Àyàn Ọ̀yọ́

Bí wọ́n bá ti mú rédíò kúrò, tí àyè bá wà fún orin níbẹ̀, ìdí wéré, orin tí wọ́n fi ń jíni jẹ sààrì, ni fújì ti wá. Lọ bá àwọn tó ń ṣe ajísààrì lásìkò ààwẹ̀ ní Ìṣẹ́yìn, ìlú Mùsùlùmí ni. Kí wọ́n kọ tiwọn. Ó máa dún bí ibi tí bàbá náà ń gbé.

Ẹ̀gbọ́n Peckham

Cue sheet ni ìwé tó ń sọ gbogbo orin inú fíìmù fún ẹgbẹ́ tó ń gba owó ẹ̀tọ́. Bí kò bá sí, tàbí bí wọ́n bá ṣi orúkọ rẹ kọ nínú rẹ̀, fíìmù lè wà lórí tẹlifíṣọ̀n lójoojúmọ́ kí kọ́bọ̀ má dé ọ̀dọ̀ rẹ. Olùgbéjáde ló yẹ kó fi í ránṣẹ́, ṣùgbọ́n ìwọ ni kó o kọ ọ́, torí ìwọ ló mọ̀. Orin kan, ìlà kan. Bí àpẹẹrẹ:

10:14:32:00. Orúkọ orin. Ìṣẹ́jú 1, àáyá 48. Abẹ́ àwòrán. Ẹni tó kọ ọ́: ìwọ 50%, bàbá onílù 50%. Ẹgbẹ́: MCSN.

Orin tí ènìyàn inú fíìmù bá ń kọ tàbí tó ń gbọ́, bí orin ajísààrì yẹn, kọ ọ́ pé ó hàn lójú àwòrán. Orin ìbílẹ̀ tí kò ní olóhun, kọ ọ́ bẹ́ẹ̀, kó o sì kọ orúkọ ẹni tó tò ó. Kọ orúkọ kálukú bó ṣe wà nínú ìwé ẹgbẹ́ gẹ́lẹ́, má lo ìnagijẹ. Rí i pé bàbá onílù náà ti forúkọ sílẹ̀ kó o tó fi ránṣẹ́, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ìpín tirẹ̀ kò ní rí ibi gbà. Fi ẹ̀dà kan ránṣẹ́ sí MCSN fúnra rẹ, kó o sì tọ́jú ọ̀kan sọ́wọ́. Bó o bá ti kọ ọ́ tán, fi han wá níbí ká bá ẹ yẹ̀ ẹ́ wò kó tó lọ.